Ẹ̀bẹ̀ Tí Wọ́n Bẹ̀ ní Olúpọ̀nnà

Aṣọ funfun ni Àsmá'ù ń tà ní ọjà Odò-Ọ̀rí ní Ìwó. Ìyá rẹ̀ ló ni ṣọ́ọ̀bù, òun ló ń jókòó tì í. Ẹni tó ń lọ Mẹ́kà a máa wá síbẹ̀, ẹni tó fẹ́ rán jalabíà ọdún a máa wá, ṣùgbọ́n ẹni tí èèyàn kú fún ló ń wá jù. Irú àwọn yẹn kì í ná ọjà. Wọ́n á kàn dúró sẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ní kó wọn aṣọ fún àwọn.

Nítorí náà, nígbà tí ọmọkùnrin gíga kan dúró síwájú ṣọ́ọ̀bù lọ́sàn-án ọjọ́ kan, tí kò rẹ́rìn-ín, tí kò béèrè iye, tó kàn ní, "Ẹ jọ̀ọ́, aṣọ funfun ni mo fẹ́, èyí tó nípọn díẹ̀," Àsmá'ù rò pé òun ti mọ ohun tó yẹ kí òun sọ. Ó dìde, ó kúnlẹ̀ díẹ̀.

"Ẹ kú ìrójú o. Ọlọ́run á tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere. Ṣé ọkùnrin ni àbí obìnrin?"

Ọmọkùnrin náà wò ó. "Èmi ni."

"Ẹ̀yin kọ́. Òkú ni mò ń béèrè."

"Èmi náà ni mo fẹ́ wọ̀ ọ́, arábìnrin. Ẹ̀wù dókítà ni mo fẹ́ fi rán. Iṣẹ́ dókítà ni mò ń kọ́ ní yunifásítì. Mi ò tíì kú."

Ojú ti Àsmá'ù débi pé kò mọ ibi tó máa fi sísọ́ọ̀sì ọwọ́ rẹ̀ sí. Ọmọkùnrin náà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi gbára lé òpó ṣọ́ọ̀bù, àwọn tó ń ta bàtà lódìkejì sì yọjú wá wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀. Abdulfatah ni orúkọ rẹ̀. Ọmọ Ràhámọ̀tù tó ń ta gààrí nínú ọjà yẹn kan náà ni.

Kò pẹ́ tó fi padà wá, tó wọ ẹ̀wù náà nínú oòrùn, tó na apá méjèèjì bí ẹni tó fẹ́ fò. "Wá wò mí," ó ní, "òkú rẹ ti jí." Àsmá'ù fi ìborùn bo ẹnu rẹ̀ kí wọ́n má baà rí i pé ó ń rẹ́rìn-ín. Àtọjọ́ yẹn ni ọkàn rẹ̀ ti lọ, kò sì padà sílé mọ́.

Ìgbàkígbà tí Abdulfatah bá gba ìsinmi, ṣọ́ọ̀bù ló ń kọ́kọ́ yà sí kó tó dé ilé ìyá rẹ̀. Yóò jókòó sórí ìdì aṣọ, yóò máa kọ́ Àsmá'ù ní orúkọ eegun ọwọ́. Ọmọ ààfáà ni Àsmá'ù, nítorí náà kì í fọwọ́ kàn án. Yóò kàn na ìka sí eegun lókèèrè, Àsmá'ù yóò sì máa pe orúkọ eegun náà tẹ̀ lé e bí ọmọ ilé kéú.

"O ò ní pẹ́ gba ipò mi," Abdulfatah máa ń sọ.

"Ipò tí mo fẹ́, lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ ni. Jókòó ti tìrẹ."

Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà dé etí bàbá rẹ̀, Ààfáà Yẹ̀kínì pe ọmọkùnrin náà wá sílé kéú rẹ̀. Abdulfatah dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí ẹní. Ààfáà béèrè ìdí ilé bàbá rẹ̀, ó béèrè bí ó ṣe ń kírun.

"Mo fẹ́ ọ fún ọmọ mi," ó ní. "Àmọ́ mi ò ní so yìgì fún ẹni tí kò tíì parí ohun tó bẹ̀rẹ̀. Lọ parí ẹ̀kọ́ rẹ. Ọjọ́ tí ìwọ àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ bá búra tán, tí wọ́n pè yín ní dókítà, kí ẹbí rẹ máa bọ̀."

Ta ni kò ní yọ̀? Àwọn obìnrin ọjà kò pe Àsmá'ù lórúkọ mọ́. Ìyàwó Dókítà ni wọ́n ń pè é, wọ́n á sì tún ní kó bá àwọn bi ọkọ rẹ̀ léèrè ohun tí àwọn lè lò sí ẹsẹ̀ dídùn.

Lẹ́yìn ìdánwò àṣekágbá ni Abdulfatah dé láàárín ọ̀sẹ̀, láìkọ́kọ́ pè. Ó jókòó sórí ìdì aṣọ. Kò bọ́ báàgì ẹ̀yìn rẹ̀.

"Wọ́n lé mi, Àbẹ̀kẹ́."

Oríkì rẹ̀ ni Àbẹ̀kẹ́, ìgbà tí ọkàn Abdulfatah bá kún nìkan ló ń pè é bẹ́ẹ̀.

"Ta ló lé ọ? Kí lo ṣe?"

"Mo kí àgbàlagbà ni. Nírọ̀lẹ́ tí ìdánwò ku ọ̀la, mo ń gba inú wọ́ọ̀dù kọjá. Bàbá kan gbọ́ ohùn mi, wọ́n ní, 'Ìwọ ọmọ yìí, ọ̀dọ̀ wa lo ti wá.' Ará Kuta ni wọ́n. Mo dọ̀bálẹ̀, mo béèrè àlàáfíà wọn, mo gbàdúrà fún wọn, mo bá tèmi lọ. Nígbà tó di ọjọ́ kejì, àwọn gan-an ni aláìsàn tí wọ́n gbé síwájú mi pé kí n yẹ̀ wò, kí n sọ ohun tó ń ṣe wọ́n."

"Ṣé o sọ ọ́?"

"Mo sọ ọ́ láìfi ohun kan sílẹ̀. Ìyẹn gan-an ló kó bá mi. Ọ̀jọ̀gbọ́n Adédìpẹ̀ tó ń dán wa wò ti rí mi lórí ìdọ̀bálẹ̀ lọ́jọ́ tó ṣáájú. Wọ́n ní mo ti lọ gba ìdáhùn lẹ́nu aláìsàn. Wọ́n fagi lé èsì mi, wọ́n ní kí n máa lọ sílé. Wọn ò tiẹ̀ jẹ́ kí n sọ̀rọ̀."

"Kí wọ́n bi bàbá ará Kuta yẹn."

"Wọ́n ti kú." Ó fi àtẹ́lẹwọ́ bo ojú. "Ṣé kí n máa kọjá lára àgbàlagbà láìkí i ni, Àbẹ̀kẹ́? Ṣé bí ìyá mi ṣe kọ́ mi nìyẹn?"

Ó pe yunifásítì lẹ́jọ́ nílé ẹjọ́ gíga ìlú tí yunifásítì náà wà. Lọ́yà obìnrin kan tó ń jẹ́ Oyèníkẹ́ ló gbà láti bá a rò ó. Obìnrin náà kò lóhùn púpọ̀, ṣùgbọ́n ó mọ ohun tó ń ṣe. Ó ní kò sí ẹlòmíràn tó lè jẹ́rìí sí ohun tí Abdulfatah bá bàbá ará Kuta sọ, nítorí náà ohun gbogbo dúró lórí pé kí adájọ́ gba Abdulfatah gbọ́. Ó ní kó búra pé òun kò jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀ fún ẹnikẹ́ni rí, àti pé òun kò rán ẹnikẹ́ni lọ bẹ yunifásítì. Abdulfatah fi Kùránì búra, torí òótọ́ ni.

Ràhámọ̀tù ìyá rẹ̀ ní òun kò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ ilé ẹjọ́. "Ẹ jẹ́ ká kó àgbà jọ," ó ní, "ká lọ bẹ Ọ̀jọ̀gbọ́n."

"Màámi, mi ò ṣẹ̀. Kí lẹ fẹ́ bẹ̀bẹ̀ lé lórí?"

Àsmá'ù wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà. Ó gbọ́ ọ.

Ẹjọ́ wá bẹ̀rẹ̀ sí í falẹ̀. Lónìí, lọ́yà yunifásítì kò wá. Lọ́la, àwọn òṣìṣẹ́ ilé ẹjọ́ daṣẹ́ sílẹ̀. Wọ́n gbé adájọ́ lọ síbòmíràn, wọ́n ní kí ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ lákọ̀tun níwájú ẹlòmíràn. Àwọn ẹgbẹ́ Abdulfatah búra, wọ́n di dókítà, fọ́tò wọn sì kún orí fóònù rẹ̀. Ó pa fóònù náà.

Kò wá sí ṣọ́ọ̀bù mọ́, torí ó ń sá fún ọjà. Bó bá ti yọ báyìí, wọ́n á ní, "Dókítà, ẹ kú iṣẹ́." Obìnrin kan gbé ọmọ tí ara rẹ̀ gbóná wá bá a nílé, ó ní kó bá òun wò ó. Abdulfatah kó ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn. "Ẹ gbé e lọ sọ́sípítù, ẹ jọ̀ọ́. Èmi kì í ṣe dókítà." Obìnrin náà rò pé ó ń gbéraga ni, ó sì bínú lọ. Nígbà tí Àsmá'ù gbé oúnjẹ dé lọ́jọ́ yẹn, ó bá a níbi tó ti ń sunkún, tó kọjú sí ògiri.

Ní ilé Àsmá'ù, Ṣẹ̀fíátù ìyá rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀.

"Ọmọ mi, mi ò kórìíra rẹ̀, Ọlọ́run rí mi. Ṣùgbọ́n ta ló ń dúró de adájọ́ kó tó bímọ? Ọmọ Alhaji tó ń kó aṣọ wá fún wa láti Ìbàdàn tún béèrè rẹ lánàá."

"Màámi, ẹ jẹ́ n sinmi."

"Ó dáa, sinmi. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ ń pọnmọ."

Àsmá'ù kò lè sùn, kò sì lè jẹun. Ohun tó ń dùn ún jù ni pé ọkùnrin tó máa ń rẹ́rìn-ín títí yóò fi gbára lé òpó kò rẹ́rìn-ín mọ́ rárá. Ó ń kú lọ lójú rẹ̀, òun ẹni tó ń ta aṣọ òkú sì mọ bí èèyàn tó ń kú ṣe ń rí.

Inú ìdààmú yìí ló wà tí obìnrin kan fi wá ra aṣọ funfun. Àsmá'ù bá a kẹ́dùn, ó béèrè ẹni tó lọ. Obìnrin náà ní ìyá ọkọ òun ni, ní Olúpọ̀nnà. "Ìyá Ọ̀jọ̀gbọ́n Adédìpẹ̀. Ọmọ wọn ti wálé wá sìnkú. Yóò lò tó ọ̀sẹ̀ kan."

Àsmá'ù mú sísọ́ọ̀sì. Ó gé aṣọ náà, ó fi kún un. Ó rò ó pé ẹni tí ìyá rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ kú, ọkàn rẹ̀ á rọ̀.

Bàbá rẹ̀ kọ́kọ́ kọ̀. "Ọmọ náà ní òun kò ṣẹ̀. Báwo ni n ó ṣe lọ bẹ̀bẹ̀ fún un?"

"Bàbá, nígbà tí ẹ̀yin àti Lèmọ́mù jà lórí ilẹ̀ mọ́ṣáláṣí, ta ló jẹ̀bi?"

"Lèmọ́mù ni."

"Ta ló wá lọ bẹ̀bẹ̀?"

Ààfáà Yẹ̀kínì fọwọ́ pa irùngbọ̀n rẹ̀. "Èmi ni. Kí ìlú lè tòrò."

"Kí ayé tèmi náà lè tòrò, Bàbá. Ẹ bá mi lọ. Ẹ má sọ fún un, kò ní gbà."

Báyìí ni wọ́n ṣe wọ kẹ̀kẹ́ lọ sí Olúpọ̀nnà, Ààfáà nínú agbádá rẹ̀ tó dára jù, Ràhámọ̀tù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, Àsmá'ù lẹ́yìn pẹ̀lú ọsàn tí wọ́n fi ń kí ọlọ́fọ̀. Wọ́n kí Ọ̀jọ̀gbọ́n kú àṣẹ̀yìndè. Lẹ́yìn náà, Ràhámọ̀tù àti Àsmá'ù kúnlẹ̀ lórí sìmẹ́ńtì, Ààfáà Yẹ̀kínì sì bọ́ fìlà rẹ̀, òun náà kúnlẹ̀, àgbàlagbà tí gbogbo Ìwó ń kúnlẹ̀ kí. Ó sọ ohun tí gbogbo wa máa ń sọ bí a bá ń bẹ̀bẹ̀.

"Ọ̀jọ̀gbọ́n, ọmọdé ni. Ó ti mọ ẹ̀bi rẹ̀ lẹ́bi. Kò tún ní ṣe irú ẹ̀ mọ́ láéláé. Ẹ wo ewú orí mi, ẹ foríjì í."

Ọ̀jọ̀gbọ́n Adédìpẹ̀ sáré gbé Ààfáà dìde. Ó ní kí wọ́n gbé omi wá. "Ẹ dìde, ẹ̀yin ìyá mi. Mo ti gbọ́," ó ní. Kò sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ, wọn kò sì retí jù bẹ́ẹ̀ lọ, torí wọ́n gbà pé ẹni tó bá gbé àgbà dìde ti gba ẹ̀bẹ̀. Wọ́n ń kọrin ìyìn ní ohùn kékeré nínú kẹ̀kẹ́ títí wọ́n fi dé Ìwó. Inú Àsmá'ù dùn fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọjọ́ pípẹ́.

Nígbà tí ẹjọ́ tún wáyé, Àsmá'ù àti bàbá rẹ̀ bá Abdulfatah lọ. Abdulfatah tún búra bíi ti àkọ́kọ́ níwájú adájọ́ tuntun. Ọ̀jọ̀gbọ́n ni ẹlẹ́rìí yunifásítì lọ́jọ́ náà. Àsmá'ù ń wò ó pẹ̀lú ìrètí. Ó ń dúró de ìgbà tí yóò sọ pé ọ̀rọ̀ ti tán.

Lọ́yà yunifásítì bi í bóyá olùpẹjọ́ ti jẹ́wọ́ rí.

Ọ̀jọ̀gbọ́n nu ojú rẹ̀. "Ẹbí rẹ̀ wá bá mi ní Olúpọ̀nnà. Wọ́n kúnlẹ̀. Wọ́n ní ó ti mọ ẹ̀bi rẹ̀ lẹ́bi, kò ní ṣe é mọ́."

"Irọ́ ni!" Abdulfatah ti dìde. "Irọ́ gbuu ni!"

Lọ́yà Oyèníkẹ́ fà á jókòó, òun fúnra rẹ̀ sì dìde. Ara rẹ̀ gbóná lọ́jọ́ náà, ó fẹ́ fi Ọ̀jọ̀gbọ́n hàn bí òpùrọ́. "Ọ̀jọ̀gbọ́n, ẹ rántí pé ẹ ti búra. Ta ni ẹ rí? Ẹ fi ẹnì kan hàn wá."

Ọ̀jọ̀gbọ́n kò fẹ́ nàka. Ó fi ojú wá àárín àwọn èrò, ó sì fi orí júwe. "Bàbá tó dé fìlà funfun yẹn ni."

Àsmá'ù di agbádá bàbá rẹ̀ mú. Ṣùgbọ́n Ààfáà Yẹ̀kínì ti dìde, torí kò purọ́ rí, kò sì mọ bí wọ́n ṣe ń dákẹ́ bí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀ ẹni níṣojú ẹni. "Òótọ́ ni, Olúwa mi," ó ní. "Mo lọ."

Wọ́n gbé Kùránì fún un. Wọ́n bi í, ó dáhùn. Ṣé ó ní ọmọ náà jẹ̀bi? Bẹ́ẹ̀ ni, ó sọ bẹ́ẹ̀. Ṣé ó gbà pé ó jẹ̀bi? "Rárá o. Ọmọ náà kò mọwọ́mẹsẹ̀. Ẹ̀bẹ̀ ni mo ń bẹ̀." Àwọn kan rẹ́rìn-ín nínú ilé ẹjọ́.

"Ta ló ní kẹ́ ẹ lọ, Bàbá?" lọ́yà yunifásítì béèrè.

Ààfáà wo ọmọ rẹ̀. "Ọmọ mi ni."

"Ta ni ọmọ yín jẹ́ sí olùpẹjọ́?"

"Òun ni yóò fẹ́."

Abdulfatah yí orí padà, ó wo Àsmá'ù. Kò bínú. Ì bá sàn bó bá bínú. Ó kàn ń wò ó bí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n rí.

"Kò mọ̀!" Àsmá'ù kígbe. "Èmi ni! Ẹ gbọ́ mi, kò mọ nǹkan kan!" Ọlọ́pàá ilé ẹjọ́ ní kó jókòó, àbí kó jáde.

Lẹ́nu ọ̀nà, Lọ́yà Oyèníkẹ́ gbé ìwé rẹ̀ máyà. "Kí ló dé tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún mi?" ó béèrè. Ọ̀jọ̀gbọ́n Adédìpẹ̀ ń kọjá lọ, ó rí Ààfáà, ó tẹríba, ó ní, "Ẹ káàsán, Bàbá." Ààfáà sì jẹ́ ẹ.

Ìdájọ́ kò gùn. Adájọ́ ní olùpẹjọ́ búra pé òun kò rán ẹnikẹ́ni, bẹ́ẹ̀ ìyá rẹ̀, àna rẹ̀ àti àfẹ́sọ́nà rẹ̀ lọ kúnlẹ̀ fún ẹlẹ́rìí. Ó ní ilé ẹjọ́ kò lè gbà pé kò mọ̀, ilé ẹjọ́ kò sì lè gba ẹni tó fi irọ́ búra gbọ́ lórí ohun tó kù. Ó da ẹjọ́ náà nù. Lọ́yà Oyèníkẹ́ ní àwọn lè pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Abdulfatah dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó ní òun kò lágbára mọ́.

Ó wá sí ṣọ́ọ̀bù ní òwúrọ̀ ọjọ́ Jímọ̀ kan. Báàgì wà lẹ́yìn rẹ̀, ọlọ́kadà tó gbé e wá sì ń dúró. Ó gbé ẹ̀wù funfun náà dání. Ó ti fọ̀ ọ́, ó ti lọ̀ ọ́, ó ká a dáadáa.

"Mo ń lọ," ó ní. "Ọ̀nà jìn. Ibi tí ẹnikẹ́ni kò ti ní pè mí ní dókítà ni mo fẹ́."

Àsmá'ù ti ń kúnlẹ̀. Orúnkún rẹ̀ kò tíì kan ilẹ̀ tí Abdulfatah fi pariwo, ọkùnrin tí kò pariwo mọ́ ọn rí.

"Dìde! Má kúnlẹ̀ fún mi. Mo bẹ Ọlọ́run, kí ẹnikẹ́ni má kúnlẹ̀ nítorí mi mọ́."

Ó dìde. Omi ń dà lójú rẹ̀. "Torí mo fẹ́ràn rẹ ni mo ṣe ṣe é."

"Mo mọ̀. Bó bá ṣe pé ọ̀tá ló ṣe é ni, mo mọ ohun tí ǹ bá ṣe." Ohùn rẹ̀ ti rọlẹ̀. "Mo fẹ́ràn rẹ, Àbẹ̀kẹ́. Mi ò fẹ́ràn ẹlòmíràn. Àmọ́ bí mo bá ti wò ọ́ báyìí, ohùn bàbá rẹ ni mò ń gbọ́, tí wọ́n ń sọ pé mo ti mọ ẹ̀bi mi lẹ́bi. Báwo la ṣe fẹ́ máa bá a gbélé?"

"Kí n dúró dè ọ́?"

"Rárá." Ó gbé ẹ̀wù náà lé e lọ́wọ́. "Bá mi tọ́jú rẹ̀. Mi ò lè gbé e lọ, mi ò sì lè jù ú nù."

Ó na ọwọ́, ó fi ìka kan kan eegun ọrùn ọwọ́ rẹ̀, fún ìgbà àkọ́kọ́. Ó pe orúkọ eegun náà bó ṣe máa ń pè é. Àsmá'ù kò pè é tẹ̀ lé e mọ́. Abdulfatah bọ́ sórí ọ̀kadà, ó kọjú sí ọ̀nà gáréèjì.

Kò pẹ́ tí ìròyìn fi dé ilé. Ààfáà Yẹ̀kínì àti Ṣẹ̀fíátù sáré wọ inú ṣọ́ọ̀bù, Ààfáà kò tiẹ̀ wọ agbádá. "Ọkọ̀ rẹ̀ kò tíì kún," ó ní, èémí rẹ̀ ń gbé. "Ẹ jẹ́ ká tètè lọ. Èmi ni mo bà á jẹ́, èmi ni n ó bẹ̀ ẹ́. N ó dọ̀bálẹ̀ fún un níwájú gbogbo gáréèjì."

Àsmá'ù dúró sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù, ó na apá méjèèjì dí i. Kò dí bàbá rẹ̀ lọ́nà rí láyé rẹ̀.

"Ẹ má lọ, Bàbá. Ẹ jẹ́ kó máa lọ."

"Ọmọ mi, bí a bá bẹ̀ ẹ́..."

"Ó ní ká má bẹ òun mọ́. Ẹ jẹ́ ká gbọ́ tiẹ̀ lẹ́ẹ̀kan péré."

Ààfáà Yẹ̀kínì wò ó. Ó jókòó sórí ìdì aṣọ, níbi tí Abdulfatah máa ń jókòó sí, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ṣẹ̀fíátù mú un lọ sílé nígbà tó yá. Àsmá'ù kò bá wọn lọ. Ó ní ọjà ṣì wà.

Ó jókòó, ó gbé ẹ̀wù náà lé itan. Ó gbọ́ tí wọ́n pe ìrun Jímọ̀. Àwọn èèyàn lọ, wọ́n dé, kò mọ̀.

Obìnrin kan dúró síwájú ṣọ́ọ̀bù, ó fẹ́ ra aṣọ tí ọkọ rẹ̀ máa wọ̀ lọ sí Mẹ́kà. Inú rẹ̀ ń dùn. Ó rí ojú Àsmá'ù, ó rí aṣọ funfun tó ká sórí itan rẹ̀, ẹ̀rín sì kúrò lẹ́nu rẹ̀. Ó kúnlẹ̀ díẹ̀.

"Yéè. Ẹ kú ìrójú o, arábìnrin mi. Ọlọ́run á tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere."

Àsmá'ù la ẹnu láti sọ fún un pé ẹ̀wù dókítà ni, pé kò sẹ́ni tó kú. Ó wo ẹ̀wù náà.

"Àmín," ó ní. Ó dìde, ó mú sísọ́ọ̀sì rẹ̀, ó béèrè iye ọ̀pá tí obìnrin náà fẹ́.